Ọ̀kẹ́rẹ́ Búlúù Ń Dúró

Ẹni tó bá rò pé mo ń purọ́, ilé wa kò jìnnà. Ẹ̀yìn ọjà màlúù Oko Ọba ni. Tẹlifíṣàn yẹn ṣì wà ní pálọ̀. Mi ò tíì pa á.

Ọdún kejì tí àwọn sójà gbé ìjọba sílẹ̀ ni. Ilésanmí, àbúrò mi ọkùnrin, ra kásẹ́ẹ̀tì géèmù kan ní Maryland. Ọ̀kẹ́rẹ́ méjì ló wà nínú rẹ̀, pupa kan, búlúù kan, wọ́n ń fò láti orí igi dé orí igi. Òkúta méjì ló wà lẹ́nu ilẹ̀kùn kọ̀ọ̀kan. Àfi tí àwọn méjèèjì bá dúró lé e ni ilẹ̀kùn á ṣí. Ojúlówó ló rà, kò ra ayédèrú.

"Ẹni tó ṣe nǹkan tó ń pa wá lẹ́rìn-ín," ó ní, "ẹ jẹ́ kóun náà jẹun."

Òun ni búlúù. Jemimah, àbíkẹ́yìn wa, ni pupa, ó sì máa ń pẹ́.

"Mo ń dúró dè ẹ́ o, ìgbín," Ilésanmí á wí.

Ilésanmí jábọ́ lórí àkàbà ní ilé ìkẹ́rùsí kan ní Ìlúpéjú. Nínú géèmù, ẹni tó bá jábọ́ á tún dìde. A sin ín ní Sátidé.

Ọ̀sán ọjọ́ kan, Jemimah tan géèmù náà. Mò ń tún rédíò oníbàárà ṣe. Ṣàdédé ni igbe màlúù dákẹ́. Búlúù fò. Pádì tí wọ́n fi ń darí rẹ̀ wà nílẹ̀.

"Àǹtí, ẹ̀yin lẹ tẹ̀ ẹ́?"

"Ọwọ́ mélòó ni mo ní?"

Mo fa wáyà pádì náà yọ. Ó tún fò. Tín-ín. Ó lọ dúró sórí òkúta, lẹ́nu ilẹ̀kùn tó kẹ́yìn. Ó kọjú sí wa.

"Bọ̀dá ni," Jemimah ní. "Wọ́n ń dúró dè mí."

"Jẹ́ kí wọ́n dúró. Gbé pádì yẹn wá."

Mo fẹ́ pa tẹlifíṣàn. Ó di ọwọ́ mi mú.

"Ẹ má jẹ́ kí wọ́n kú lẹ́ẹ̀kejì."

N ò pa á. Mo ti pádì ti pupa mọ́ inú àpótí irinṣẹ́ mi, mo fi kọ́kọ́rọ́ kọ́ ọrùn.

Lọ́jọ́ kejì mo wà ní kíṣìnnì. Àwọn màlúù dákẹ́. Tín-ín. Tín-ín. Mo gbọ́ tí ilẹ̀kùn ṣí.

Sálúbàtà Jemimah wà níwájú tẹlifíṣàn. Ó ṣì lọ́ wọ́ọ́rọ́. Àpótí mi wà ní títì.

A wá a dé ṣọ́ọ̀ṣì, dé àgọ́ ọlọ́pàá. Kò sẹ́ni tó rí i nígbà tó jáde.

Ọ̀kẹ́rẹ́ méjèèjì ti wà lẹ́nu ilẹ̀kùn míì tí kò sí nínú géèmù tẹ́lẹ̀ báyìí, pupa àti búlúù, wọ́n kọjú sí mi. Òkúta mẹ́ta ló wà níbẹ̀.

Láti àárọ̀ yìí, mi ò tíì gbọ́ igbe màlúù.