Àmì Orúnkún Nínú Ìyẹ̀fun Funfun

Ife fàdákà náà ti lọ. Dígí kọ́bọ́ọ̀dù tí wọ́n tì í mọ́ kò fọ́. Kọ́kọ́rọ́ ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Abọ́ ìyẹ̀fun òkúta funfun tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ ti dà sílẹ̀ yẹ́ẹ́yẹ́ẹ́.

Wọ́n fi àga lọ Kàfáyàtù Adéníjì, kò jókòó. Ọ̀tẹ̀lẹ̀múyẹ́ aládàáni tí wọ́n pè wá ni, ó ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ náà ní Chicago, ara rẹ̀ kì í sì í balẹ̀ níbi tí wọ́n bá ti tètè rí ẹni dá lẹ́bi. Níbí, wọ́n ti rí i: Bàbá Daud, arúgbó tó ń ṣọ́ ilé, tí kọ́kọ́rọ́ wà níkàáwọ́ rẹ̀.

"Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí," ni Lọ́yà Adéfọlárìn, tó ni ọ́fíìsì náà, wí. "Bí bàbá yìí ò bá sọ ibi tí wọ́n gbé e sí kí àlejò tó dé, mo máa call police."

Ìwé tí lọ́yà kọ ló fẹ́ fi lọ́lẹ̀ lójú agbo lọ́jọ́ náà, ní ọ́fíìsì náà ní Evanston: ìgbésí ayé Gilbert Auchterlane, lọ́yà ọmọ Scotland ayé àtijọ́. Auchterlane ra ilẹ̀ àbàtà, ó fa omi rẹ̀ gbẹ, ó da ìyẹ̀fun òkúta sí i kó lè so èso, ó gbin igi páìnì sórí òkè, wọ́n sì fi ife fàdákà dá a lọ́lá. Ife náà, ìyẹ̀fun òkúta àti páìnì kékeré kan nínú ìkòkò ni wọ́n tò kalẹ̀ kí àlejò lè wò. Adéfọlárìn fẹ́ràn ọkùnrin yìí kọjá ààlà. Òun náà ń ra ilé tó ti gbó ní àdúgbò West Ridge, ó ń tún un ṣe, àwọn ayálégbé àtijọ́ a sì wá ibòmíràn gbà.

Kàfáyàtù bi Bàbá Daud léèrè. Bàbá ní òun bọ́ kóòtù kọ́, òun lọ ṣe àlùwàlá fún ìrun Alásárì, kọ́kọ́rọ́ sì wà nínú àpò kóòtù. Nígbà tí bàbá wá padà wọlé ńkọ́?

Bàbá wolẹ̀. "Mi ò ní ọ̀rọ̀ lẹ́nu, ọmọ mi."

Olè a máa gbèjà ara rẹ̀. Eléyìí kò tilẹ̀ gbìyànjú, ìyẹn sì ká Kàfáyàtù lára.

Àwọn mẹ́ta mìíràn ló wà nínú ilé. Michelle, òyìnbó tó to àwọn ohun àfihàn náà, bọ̀ ọ́ lọ́wọ́, ó ní inú mọ́tò lòun wà, òun ń gba fóònù. Ìbráhìm, àbúrò lọ́yà, ló ń bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ jà lórí ilẹ̀ bàbá wọn. Ó dọ̀bálẹ̀ ìdajì, ó ní ife òyìnbó kò kan òun. Ẹni kẹta ni Mutmainnah, akọ̀wé tó tẹ ìwé náà. Ó gbé omi wá, ó sì kúnlẹ̀, orúnkún méjèèjì kan ilẹ̀. Ojú orúnkún síkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ tutù; ó ní omi ló dà sóun lára.

Ẹnu ya Kàfáyàtù. Àwọn ọmọ tí wọ́n bí síhìn-ín, wọn a kàn tẹ orúnkún díẹ̀ ni. "Ta ló kọ́ ẹ?"

"Mọ́mì mi, ma. Des Plaines ni wọ́n bí mi sí o, but mọ́mì mi ò gbà." Ó ní West Ridge ni ìyá òun ń gbé báyìí, ó sì yára gbójú kúrò.

Kàfáyàtù pa dà sídìí kọ́bọ́ọ̀dù, ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Nínú ìyẹ̀fun náà, ihò róbótó méjì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, ojú ìka bàtà wà lẹ́yìn wọn. Wọ́n kẹ́yìn sí kọ́bọ́ọ̀dù, wọ́n kọjú sí ilẹ̀kùn. Ó wo yàrá yíká. Etí ìkòkò tí wọ́n gbin páìnì kékeré sí funfun díẹ̀.

Ó pe gbogbo wọn jọ.

"Ẹni tó ń wá nǹkan nílẹ̀ kò ní kọjú sí ilẹ̀kùn," ó ní. "Ẹni tó kúnlẹ̀ síbí ń kí àgbà tó wọlé bá a ni. Michelle a bọwọ́. Ìbráhìm a dọ̀bálẹ̀."

Ó ki ọwọ́ bọ inú iyẹ̀pẹ̀ ìdí páìnì náà, ó fa ife jáde. "Mutmainnah, o ti fọ ìyẹ̀fun kúrò lára síkẹ́ẹ̀tì ẹ. O ò lè fọ ti ilẹ̀."

Ọmọbìnrin náà kò jiyàn. Ó ní òun mú kọ́kọ́rọ́ nínú kóòtù bàbá, ìgúnpá òun gbá abọ́ dànù bóun ṣe ń mú ife, òun bo ife mọ́lẹ̀, òun sì ń bọ̀ wá yọ kọ́kọ́rọ́ ni bàbá wọlé.

"Ǹ bá ti gba backdoor sá. Orúnkún mi ti wà nílẹ̀ kí n tó ronú." Ó kọjú sí lọ́yà. "Building tí mọ́mì mi ń gbé lẹ rà, sà. Wọ́n ti ní kí mọ́mì kó jáde. Èmi náà ni mo type ìwé yín. Àwọn àgbẹ̀ tí Auchterlane lé kúrò lórí ilẹ̀ yẹn, ẹ ní kí n yọ wọ́n, pé wọn ò ní jẹ́ kí story yẹn dùn. Torí ilẹ̀ ni wọ́n fi fún un ní ife. Mo ní kí ilẹ̀ gbà á padà."

Kàfáyàtù yíjú sí bàbá. "Ẹ̀yin rí i, sà. Kí ló dé tẹ́ ẹ dákẹ́?"

"Látìgbà tí mo ti ń ṣílẹ̀kùn níbí," ni Bàbá Daud wí, "òun nìkan ló ń kúnlẹ̀ kí mi. Ṣé kí n wá fà á lé ọlọ́pàá lọ́wọ́?"

Lọ́yà nu iyẹ̀pẹ̀ kúrò lára ife, ó gbé e sípò. Ó ní òun kò ní pe ọlọ́pàá mọ́, ṣùgbọ́n kí Mutmainnah kẹ́rù rẹ̀. Ní ti bàbá, kí wọ́n má bínú, iṣẹ́ wọn ṣì ń bẹ. Inú Kàfáyàtù bàjẹ́. Òótọ́ tó fi yọ arúgbó ló fi ti ọmọ síta.

Bàbá Daud wọ kóòtù rẹ̀. Ó kó kọ́kọ́rọ́ gbogbo jáde lápò, ó dà wọ́n sínú ife fàdákà, wọ́n dún woroworo.

"Ó yá, ọmọ mi," ó ní fún Mutmainnah. "Jẹ́ ká lọ kí mọ́mì ẹ."

Wọ́n gba ẹ̀yìn jáde. Níwájú, àlejò ti dé. Wọ́n tẹ agogo, wọ́n tún un tẹ̀, lọ́yà sì ń wo ẹnu ọ̀nà bí ẹni tó ń retí kí ẹnìkan lọ ṣí i.