Lẹ́tà Tí Ọláìtán Kò Kọ

Bí oṣù bá ti wọlé, Ọláìtán á di iṣu mẹ́ta mọ́ ẹ̀yìn ọ̀kadà rẹ̀ ní Ayégbajú, á doríkọ ọ́fíìsì ilẹ̀. Ìyá rẹ̀, Màmá Fẹ̀yìntọlá, á máa wò ó láti ẹnu ọ̀nà.

"Ọláìtán, ṣé uṣu yẹn tóbi ṣá?"

"Ó tóbi ju èyí tá à ń jẹ nílé lọ, Màmá."

"Bá mi kí wọn. Sọ fún wọn pé mo fẹ́ fojú ara mi rí orúkọ mi lórí ìwé yẹn."

Òógùn ojú Màmá ló fi ra ilẹ̀ oko rẹ̀. Ṣùgbọ́n látìgbà tí ọkọ rẹ̀ ti kú, àwọn ẹbí ọkọ ń sọ pé tiwọn ni. Ìdí nìyí tó fi tọrọ ìwé ẹ̀rí onílẹ̀ tí à ń pè ní sí-ọ́fù-ó. Ó ti ṣe gbogbo ohun tí wọ́n ní kó ṣe. Ìdáhùn ìjọba ló kù.

Akọ̀wé á gba iṣu, á rẹ́rìn-ín. "Fáìlì yín wà lórí tábìlì ọ̀gá. Ẹ padà wá lóṣù tó ń bọ̀."

Nígbà ọdún Kérésì, Bọ́sẹ̀dé, ọmọ àbúrò Màmá tó jẹ́ agbẹjọ́rò l'Ọ́yẹ̀ẹ́, gbọ́ ọ̀rọ̀ náà, ó sì sọ fún Ọláìtán pé: "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kọ lẹ́tà sí wọn."

"Lẹ́tà kẹ̀? Sí ẹni tó ń bá mi ṣàwàdà? Ìyẹn ti di ẹjọ́; a kì í sì í ti kóòtù dé ká ṣọ̀rẹ́."

Lóṣù kẹrìnlá tí Ọláìtán ti ń gbé iṣu lọ, Màmá sùn lọ́sàn-án ọjọ́ kan, kò jí mọ́.

Lẹ́yìn ìsìnkú, Ọláìtán lọ bá Bọ́sẹ̀dé.

"Ìgbà mélòó lẹ lọ síbẹ̀?"

"Ìgbà mẹ́rìnlá."

"Èwo ló wà lákọsílẹ̀ níbẹ̀?"

Ọláìtán ṣírò ohun tó ti gbé lọ. Iṣu méjìlélógójì, kò sí ọ̀kan tó lè jẹ́rìí.

"Ká ní ẹ kọ lẹ́tà ni, tí wọ́n gbà á tí wọ́n sì dákẹ́, à bá ti ní kí adájọ́ ilé-ẹjọ́ gíga pàṣẹ fún wọn pé kí wọ́n ṣe iṣẹ́ wọn. Kò ní pọn dandan kí wọ́n gbà fún yín o, ṣùgbọ́n wọ́n gbọ́dọ̀ dáhùn. Ìyẹn kì í ṣe ìjà."

"Ṣé a lè kọ ọ́ báyìí?"

"Lórúkọ ta ni? Ẹni tó tọrọ ti lọ. A gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gba ìwé àṣẹ lórí ogún rẹ̀."

"Ó ní òun fẹ́ fojú ara òun rí i, Bọ́sẹ̀dé."

"Mo mọ̀, Ẹ̀gbọ́n mi."

Ẹ̀yin èèyàn wa, bí ìwé ilẹ̀ yín bá pẹ́ jù, ẹ kọ lẹ́tà. Ẹ kọ ọjọ́ sí i, ẹ dá ọjọ́ tí ẹ ń retí èsì, kí wọ́n sì fi òǹtẹ̀ lu ẹ̀dà tiyín. Bí wọ́n bá kọ̀ tàbí tí wọ́n dákẹ́, ẹ tètè wá agbẹjọ́rò, torí òfin kì í fúnni láyè pípẹ́. Ẹni tí kò lágbára lè lọ sí ọ́fíìsì ìrànwọ́ òfin ti ìjọba.

Ìkíni dára, ṣùgbọ́n adájọ́ kò lè kà á. Ẹ kọ lẹ́tà náà nígbà tí ẹni tó fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí ìwé ṣì wà lẹ́nu ọ̀nà.