Áàpù Ọ̀fẹ́ Tó Ní Kí A Kọ́kọ́ Lé Ọlọ́dẹ

Bí ẹ bá mọ Àǹtí Kẹ́míìsì, ẹ ó mọ̀ pé kò sẹ́ni tó lè gbé ayédèrú oògùn gba iwájú rẹ̀ kọjá. Apoògùn ni, ó kàwé rẹ̀ yanjú, ó sì ṣí ṣọ́ọ̀bù sí ẹ̀gbẹ́ títì. Gbogbo àdúgbò ló ń pè é ní Àǹtí, títí kan àwọn tó dàgbà jù ú lọ.

Lọ́jọ́ Sátidé kan, bíríkìlà kan wọlé tọ̀ ọ́ wá, ó fọwọ́ ti ìbàdí bí aboyún. Ó gbé páálí oògùn kan sórí káńtà.

"Àǹtí, ẹ dákun, ẹ bá mi wo iye tí mo máa lò nínú eléyìí. Ẹ̀yìn ń dùn mí."

Àǹtí Kẹ́míìsì gbé páálí náà, ó yí i síwá, ó yí i sẹ́yìn. "Níbo lẹ ti rà á?"

"Ọwọ́ ọkùnrin kan tó ń gbé e kiri ni. Ó ní ojúlówó ni, pé òun kàn ṣàánú mi ni."

"Ta ló ṣe é? Ẹ fi orúkọ ilé iṣẹ́ tó ṣe é hàn mí lára rẹ̀."

Bíríkìlà wò ó títí, kò rí nǹkan kan.

"Ẹ tún wo ẹnu rẹ̀. Wọ́n ti já a rí, gọ́ọ̀mù ni wọ́n fi lẹ̀ ẹ́ padà. Bàbá, ṣé ẹ̀yìn ló ń dùn yín ni, àbí ayé ló sú yín?"

Ọkùnrin náà bú sẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ó fi páálí náà sílẹ̀. Àǹtí fún un ní ojúlówó, ó sì ní kó lọ rí dókítà bí ìrora náà kò bá lọ.

Mo sọ èyí kí ẹ lè mọ irú obìnrin tí mò ń sọ̀rọ̀ rẹ̀. Kì í ṣe aláìmọ̀kan, kì í sì í ṣe wọ̀bìà. Ṣùgbọ́n àwọn àgbà ti sọ ọ́ pé ọ̀bẹ kì í mú títí kó gbẹ́ èkù ara rẹ̀.

Ìyá Àǹtí Kẹ́míìsì ṣàìsàn, ó sì kú. Kó tó kú, ó gba fóònù ọmọ rẹ̀, ó ní kí wọ́n bá òun tẹ ibi tí wọ́n ti ń gba ohùn sílẹ̀, kí gbogbo wọn sì jáde kúrò nínú yàrá.

"Mo fẹ́ bá àwọn ọmọ mi sọ̀rọ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan," ló wí.

Ó bá akọ́bí sọ̀rọ̀, ó bá Àǹtí sọ̀rọ̀. Ìgbà tó kan àbígbẹ̀yìn, òjò dé. Òrùlé páànù ni yàrá náà ní, ẹ̀yin náà sì mọ bí òjò ṣe ń ṣe lórí páànù. Bí ènìyàn bá gbọ́ ohùn náà, yóò mọ̀ pé ìyá ń sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ohun tó ń sọ kò yéni rárá.

Àbígbẹ̀yìn yìí ń ṣiṣẹ́ nínú ọkọ̀ ojú omi. Àárín òkun ló wà nígbà tí ìyá rẹ̀ kú, kò rí i, kò sì bá wọn sin ín. Nígbà tó pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lórí fóònù, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n mi, mi ò bèèrè ogún kankan. Ohùn Màámi tí wọ́n fi bá mi sọ̀rọ̀ ni kí ẹ fi ránṣẹ́ sí mi."

"Ariwo òjò ló bò ó," ni Àǹtí dáhùn. "Jẹ́ kí n wá bí wọ́n ṣe ń yọ ọ́ kúrò. Mi ò ní fi òjò ránṣẹ́ sí ọ."

Ó kó ohùn náà kúrò lórí fóònù, ó gbé e sórí láptọ́ọ̀pù rẹ̀. Fóònù ti kún, kò gba nǹkan mọ́, ló bá pa ti orí fóònù rẹ́. Ibi kan ṣoṣo ló wá kù láyé tí ohùn ìyá yẹn wà. Kò rò ó bẹ́ẹ̀ nígbà náà. Ta ló ń rò ó bẹ́ẹ̀ nínú wa?

Lọ́sàn-án ọjọ́ Sọ́ńdè kan, ó gbé láptọ́ọ̀pù sórí tábìlì ìjẹun, ọkọ rẹ̀ tó jẹ́ tíṣà jókòó tì í. Wọ́n rí áàpù kan tó ń yọ ariwo kúrò lára ohùn, ṣùgbọ́n títà ni àwọn tó ṣe é ń tà á. Àǹtí wo iye rẹ̀.

"Háà! Ṣé òjò ni wọ́n fẹ́ bá mi yọ ni, àbí eyín?"

"Wá ọ̀fẹ́ rẹ̀ wò," ni ọkọ rẹ̀ wí. "Kí ni ò sí lórí ayélujára?"

Ó wá a, ó sì rí i. Áàpù yẹn náà ni, orúkọ kan náà, àwòrán kan náà, lójú ewé tí kì í ṣe ti àwọn tó ṣe é. Bọ́tìnì aláwọ̀ ewé ńlá kan wà níbẹ̀: ọ̀fẹ́ ni, ẹ tẹ ibí. Lábẹ́ rẹ̀, wọ́n kọ ọ́ pé kí ènìyàn kọ́kọ́ pa áàpù tó ń ṣọ́ kọ̀ǹpútà rẹ̀, torí pé ó lè ṣèèṣì pe ohun rere ní kòkòrò.

Bí Àǹtí ṣe tẹ̀ ẹ́, kọ̀ǹpútà fi pupa kọ ìkìlọ̀ síwájú rẹ̀: a kò mọ ẹni tó ṣe áàpù yìí, ó lè ba nǹkan yín jẹ́.

"Dádì wọn, ó ń kìlọ̀ o."

"Ṣebí wọ́n ti sọ ọ́ tẹ́lẹ̀ pé yóò kìlọ̀? Ojo ni kọ̀ǹpútà yẹn, pa á lẹ́nu mọ́."

Ló bá pa ọlọ́dẹ kọ̀ǹpútà náà. Áàpù bẹ̀rẹ̀ sí í bèèrè oríṣiríṣi nǹkan. Ṣé kí n wọlé? Bẹ́ẹ̀ ni. Ṣé kí n lè tún gbogbo nǹkan tó wà níbí ṣe? Bẹ́ẹ̀ ni. Bí ẹni ń ṣe àmín sí àdúrà ni Àǹtí ń tẹ bẹ́ẹ̀ ni, kò ka ẹyọ kan nínú rẹ̀.

Ẹ ó sì rò pé áàpù náà kò ṣiṣẹ́. Ó ṣiṣẹ́ o! Ó fi ibi tí ó ti fọ̀ mọ́ hàn wọ́n, òjò sì lọ, àfi ohùn ìyá ketekete nínú pálọ̀, bí ẹni pé ó jókòó láàárín wọn.

"Ìwọ àbígbẹ̀yìn mi, níbikíbi tí omi bá gbé ọ dé, má ṣe rò pé..."

Àǹtí sáré tẹ̀ ẹ́ kó dúró. Omijé ti bò ó lójú.

"Kí ló dé?" ni ọkọ rẹ̀ bèèrè. "Jẹ́ ká gbọ́ ìyókù."

"Rárá. Òun ni Màámi bá sọ ọ́. Kó kọ́kọ́ gbọ́ ọ ná, kó tó kan àwa."

Ìwà ọmọlúàbí nìyẹn, mi ò sì lè dá a lẹ́bi fún un. Ó jẹ́ kí áàpù náà máa fọ ohùn tó kù lọ, torí iṣẹ́ náà pọ̀, ó sì pinnu pé tí ilẹ̀ bá ti mọ́, òun yóò fi í ránṣẹ́.

Ilẹ̀ mọ́. Àǹtí ṣí láptọ́ọ̀pù, gbogbo fáìlì rẹ̀ ti yí orúkọ padà sí nǹkan tí kò ṣeé kà. Ó tẹ àwòrán àwọn ọmọ, kò ṣí. Ó tẹ àkọsílẹ̀ ọjà ṣọ́ọ̀bù, kò ṣí. Ó tẹ ohùn ìyá rẹ̀, ó tún un tẹ̀, ó tún un tẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló ń jáde lójú kọ̀ǹpútà: a ti ti gbogbo fáìlì yín pa, ẹ sanwó kí ẹ tó gba kọ́kọ́rọ́.

Ó pariwo tó fi jẹ́ pé ọkọ rẹ̀ sáré jáde ní balùwẹ̀ tọṣẹtọṣẹ.

Ọkọ rẹ̀ wo kọ̀ǹpútà náà. "Ṣe sùúrù, Màmí wọn. Kọ̀ǹpútà kò ṣáà bàjẹ́. Omi ló dànù, agbè ò fọ́."

"Omi yẹn gan-an ni mò ń wá!" ni Àǹtí ké. "Kí ni n ó fi agbè ṣe?"

Wọ́n pe ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ obìnrin, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ àbójútó àwọn kọ̀ǹpútà ilé ìwòsàn kan. Màmá Kọ̀ǹpútà ni wọ́n ń pè é nínú ẹbí. Ó sọ fún wọn lórí fóònù pé kí wọ́n yọ láptọ́ọ̀pù náà kúrò lórí íńtánẹ́ẹ̀tì kíákíá, kí wọ́n má sì pa nǹkan kan rẹ́. Nígbà tó dé, Àǹtí kúnlẹ̀ kí i.

"Dìde, ìyàwó mi. Sọ bó ṣe jẹ́ fún mi, má fi nǹkan kan pa mọ́."

Àǹtí sọ ọ́ látòkè délẹ̀. Màmá Kọ̀ǹpútà ń mi orí. Nígbà tó dé ibi tí wọ́n ti pa ọlọ́dẹ, ó gbọ́wọ́ sókè.

"Dúró níbẹ̀. Bí ẹnì kan bá gbé oògùn wá sí ṣọ́ọ̀bù rẹ, tó ní, Àǹtí, kí ẹ tó rà á, ẹ kọ́kọ́ lé ọlọ́dẹ yín lọ ná, kí ẹ sì di ojú yín. Kí lo máa ṣe fún un?"

"Màá pe ọlọ́pàá ni, Màmá."

"Ó dáa. Kí ló dé tí o fi lé ti kọ̀ǹpútà?"

Ọkọ rẹ̀ ló sọ̀rọ̀. "Ẹ̀gbọ́n mi, èmi ni mo ní kó pa á. Ṣùgbọ́n áàpù yẹn ṣiṣẹ́, a gbọ́ ohùn Màámi!"

"Olè tó gbọ́n kì í wá lọ́wọ́ òfo. Áàpù gidi ni wọ́n jí, wọ́n wá di ìkà tiwọn mọ́ ọn nínú. Nígbà tí ẹ ń gbọ́ ohùn, iṣẹ́ tiwọn ni wọ́n ń ṣe lọ lábẹ́lẹ̀. Ẹ̀yin náà sì ni ẹ ṣílẹ̀kùn fún wọn. Bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè ráyè wọ ibẹ̀."

"Ṣé kí a sanwó náà fún wọn?" ni Àǹtí bèèrè. "Mo lè ta nǹkan."

"Má san án. Ọ̀pọ̀ ló san án tí wọn ò rí kọ́kọ́rọ́ kankan gbà. Àgọ́ ọlọ́pàá la ń lọ. Kí o sì fi kọ̀ǹpútà mìíràn yí gbogbo páásíwọ̀ọ̀dù rẹ padà lónìí, kí o pe báńkì rẹ, torí wọ́n lè ti rí ìyẹn náà. Àwọn fáìlì tí wọ́n tì pa, màá tọ́jú wọn fún ọ. Nígbà mìíràn, àwọn tó ń bá irú olè yìí jà máa ń rí kọ́kọ́rọ́ lẹ́yìn ọdún mélòó kan. Nígbà mìíràn, wọn kì í rí i. Mi ò ní purọ́ fún ọ."

Lẹ́yìn náà ló ṣí láptọ́ọ̀pù tirẹ̀, ó fi hàn wọ́n pé áàpù mìíràn wà tó ń yọ ariwo kúrò lára ohùn, ọ̀fẹ́ ni, àwọn tó ṣe é ló sì fi í sílẹ̀ fún aráyé lójú ewé tiwọn. Kò ní kí ẹnikẹ́ni pa ọlọ́dẹ. Àǹtí wò ó, ó fi ìbòrí nu ojú, ẹkún ò sì dá.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, àbígbẹ̀yìn pè. Ọkọ̀ wọn ti dé èbúté. Ọ̀rọ̀ tó kọ́kọ́ ti ẹnu rẹ̀ jáde ni, "Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ẹ ti yọ òjò yẹn?"

Àǹtí sọ fún un. Kò bu omi là á, kò sì di ẹ̀bi ru ẹnikẹ́ni. Àbúrò rẹ̀ bèèrè pé:

"Ṣé ẹ gbọ́ nǹkan kan nínú rẹ̀?"

"Mo gbọ́ ìbẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní, ìwọ àbígbẹ̀yìn mi, níbikíbi tí omi bá gbé ọ dé, má ṣe rò pé..."

"Má ṣe rò pé kí ni?"

"Mi ò mọ̀, àbúrò mi. Mo fẹ́ kí o kọ́kọ́ gbọ́ ọ ni."

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ rántí dáadáa. Má ṣe rò pé kí ni?"

Ọ̀rọ̀ yìí ló ń bèèrè títí di bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí. Kò sẹ́ni tó lè dá a lóhùn.

Ẹ̀yin èèyàn mi, mi ò sọ ìtàn yìí kí ẹ lè máa bẹ̀rù kọ̀ǹpútà. Ọ̀fẹ́ kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀, áàpù ọ̀fẹ́ tó dáa pọ̀ lọ jàra. Ṣùgbọ́n ọwọ́ ẹni tó ṣe é ni kí ẹ ti gbà á, lójú ewé tirẹ̀, tàbí nínú ilé ìtajà áàpù tó bá kọ̀ǹpútà yín wá. Ẹ má ṣe tẹ bọ́tìnì kan torí pé òun ló tóbi jù. Tí kọ̀ǹpútà bá bi yín ní ìbéèrè, ẹ kà á kí ẹ tó dáhùn, tí kò bá sì yé yín, bẹ́ẹ̀ kọ́ ni kí ẹ tẹ̀, kí ẹ pe ẹni tó mọ̀ ọ́n. Áàpù tó bá ní kí ẹ kọ́kọ́ pa ọlọ́dẹ yín kí òun tó wọlé ti sọ irú ẹni tí òun jẹ́ fún yín. Ẹ gbà á gbọ́, kí ẹ tì í síta.

Èyí tó kù ló ká mi lára jù. Ohun tí ẹ ò lè rà lọ́jà, ẹ má ṣe fi í síbi kan ṣoṣo. Ẹ ṣe ẹ̀dà rẹ̀ sínú fíláàṣì, kí ẹ yọ fíláàṣì náà kúrò lára kọ̀ǹpútà, kí ẹ tọ́jú rẹ̀ síbòmíràn. Ẹ fi ẹ̀dà mìíràn ránṣẹ́ sí ẹbí yín, kódà bí ariwo bá wà nínú rẹ̀. Bí Àǹtí Kẹ́míìsì bá ti fi ohùn náà ránṣẹ́ tòjòtòjò, ọmọ ìyá rẹ̀ ì bá rí nǹkan gbọ́.