Ẹni Tó Kí Wa Káàbọ̀ Sórí Ilẹ̀ Adéjìmí

Kò sí ẹni tó ń gbé lórí ilẹ̀ náà, síbẹ̀ ẹnì kan kí wa káàbọ̀.

Ọ̀sán gangan ni. Adájọ́ ló kó wa wá sí etí ọ̀sà ní Bàrígà kó lè fojú ara rẹ̀ rí ilẹ̀ tí ẹjọ́ dá lé. Láti ayé ológun ni ìjọba ti gbẹ́sẹ̀ lé e. Wọ́n da iyanrìn bò ó, wọn kò kọ́ nǹkan kan síbẹ̀, wọn kò san owó gbà-má-bínú, wọn kò sì jẹ́ kí onílẹ̀ kọ́lé. Àlàájà Fàsílátù, ọmọ kan ṣoṣo tí Adéjìmí apẹja bí, ló pè wọ́n lẹ́jọ́ pé kí wọ́n dá ilẹ̀ bàbá òun padà. Ikúmápàyí, agbẹjọ́rò ìjọba, ní igbó lásán ni wọ́n bá níbẹ̀. Àlàájà ní wọ́n sin bàbá òun síbẹ̀. Ikúmápàyí ní kó fi ojú oórì hàn. Ibi tí ẹjọ́ rọ̀ mọ́ nìyẹn, nítorí àwọn tó mọ ibẹ̀ ti kú tán.

Orúnkún kò jẹ́ kí Àlàájà bá wa lọ. Fareedah, agbẹjọ́rò rẹ̀ tí mo jẹ́ akọ̀wé fún, ló ṣojú fún un.

Bàbá arúgbó kan dúró láàárín iyanrìn. "Ẹ káàbọ̀," ó ní, bí onílé ṣe ń kí àlejò. Iyanrìn náà gbóná débi pé a ń gbẹ́sẹ̀ sókè nínú bàtà wa. Ẹsẹ̀ lásán ló fi dúró jẹ́ẹ́. Funfun ni gbogbo ilẹ̀ ibẹ̀, ṣùgbọ́n erùpẹ̀ pupa ló kún inú etí rẹ̀.

Ikúmápàyí fi í ṣẹ̀fẹ̀. "Bàbá, ṣé ẹ̀yin lẹ ń ṣọ́ ilẹ̀ ni, àbí ilẹ̀ ló ń ṣọ́ yín?"

"Ibí ni mo ń sùn," ó dáhùn. Ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀. Ó fi àtẹ́lẹsẹ̀ tẹ ibi tó dúró sí.

Adájọ́ béèrè orúkọ rẹ̀. Ó ní Bàbá Ìbíyẹmí ni. Ikúmápàyí rò pé Fareedah ló mú un wá. Fareedah rò pé èèyàn ìjọba ni. Kò sí ẹni tó ń jẹ́ Ìbíyẹmí nínú ẹjọ́ náà.

Adájọ́ ní kí wọ́n gbẹ́ ibẹ̀ wò. Iyanrìn tán, erùpẹ̀ pupa yọ, lẹ́yìn náà ni ṣọ́bìrì kan sìmẹ́ńtì. Ẹnì kan ti fi ìka kọ orúkọ sí i kó tó gbẹ: ADÉJÌMÍ. Gbogbo wa bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ láti kà á. Nígbà tí a gbórí sókè, bàbá náà kò sí mọ́. Pẹrẹsẹ ni iyanrìn lọ títí dé omi, kò sì sí ipa ẹsẹ̀ kankan níbẹ̀ bí kò ṣe tiwa.

Lọ́jọ́ tí adájọ́ dá ilẹ̀ náà padà, èmi àti Fareedah lọ bá Àlàájà ní Ọbáníkòró. Ó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ adájọ́, ó tilẹ̀ ṣàdúrà fún Ikúmápàyí, pé bí kì í bá ṣe agídí rẹ̀, òun ì bá má mọ ibi tí bàbá òun wà. Ó ní ó ku ẹnì kan: bàbá tó fi ibẹ̀ hàn wá. Ó béèrè orúkọ rẹ̀.

"Bàbá Ìbíyẹmí ni wọ́n pe ara wọn, Mà," Fareedah wí.

Àlàájà ní kó tún un sọ. Fareedah tún un sọ.

"Ìbíyẹmí ni orúkọ tí màmá mi fi ń pè mí. Òun nìkan. Láti ìgbà tó ti kú, n kò gbọ́ ọ lẹ́nu ẹnikẹ́ni mọ́."

Fareedah ní bóyá bàbá rẹ̀ ló sọ ọ́ fún ọ̀rẹ́ kan kó tó kú.

Àlàájà mi orí. "Nígbà tí wọ́n sin bàbá mi, màmá mi gan-an kò tíì mọ̀ pé òun lóyún."

Omi ń bọ́ lójú rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ̀rín ló ń rín. Ó sọ̀ kalẹ̀ lórí àga, ó sì fi orúnkún tó ń dùn ún náà kúnlẹ̀. "Ẹ ṣeun, Bàbá mi," ó wí jẹ́jẹ́. "Ẹ ṣeun tí ẹ mọ̀ mí."

Kì í ṣe àwa ló kọjú sí. Ẹnu ọ̀nà tó wà lẹ́yìn wa ló ń wò. Èmi àti Fareedah kò bojú wẹ̀yìn.