Àpò Tó Wà Lábẹ́ Bẹ́ǹṣì Ìyá Mónícà

Ìyá Mónícà da hóró kọfí sínú agbada, ó ń fi ọmọrogùn rò ó lọ rò ó bọ̀ lórí iná èédú, kò jẹ́ kí hóró kankan jókòó pẹ́ kó tó ta á nídìí. Díẹ̀díẹ̀ ni hóró tó rí bí ewé gbígbẹ tẹ́lẹ̀ ń pọ́n, tó sì ń dúdú, òórùn rẹ̀ sì gba gbogbo òpópó àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ ní Ajégúnlẹ̀ kan. Akpevwe tẹjú mọ́ agbada, ó ń bèèrè ìgbà tí wọ́n máa sọ̀ ọ́ àti ìgbà tí wọ́n máa gún un lódó. Sàfíátù ọ̀rẹ́ rẹ̀ kò bèèrè ohunkóhun. Abẹ́ bẹ́ǹṣì ló ń wò.

Àpò kan wà níbẹ̀, àpò yíyi irú èyí tí wọ́n ń kó kòkó sí. Wọ́n fi ọ̀dà dúdú ya ìràwọ̀ sí i lára, wọ́n sì fi òwú pupa rán igun rẹ̀ kan tó ti ya. Sàfíátù kò ka òwú pupa sí. Ìràwọ̀ yẹn ló mọ̀. Òun ló wà lára gbogbo àpò kọfí inú ilé ìkẹ́rù tí bàbá rẹ̀ ń ṣọ́ ní wáàfù Àpápá. 

Òun àti Akpevwe kò ṣèèṣì dé ibẹ̀. Ọ̀gbẹ́ni Akínsànyà, olùkọ́ wọn ní ìwé kẹta ilé-ẹ̀kọ́ girama, ló ní kí wọ́n lọ wo iṣẹ́ ọwọ́ kan ládùúgbò, kí wọ́n mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é, kí wọ́n sì wá rò ó fún kíláàsì. Òpópó yìí ló ti pẹ́ jù ní gbogbo agbègbè náà. Àwọn kan ń fi agolo ṣe fìtílà níbẹ̀, àwọn kan ń hun àwọ̀n fún àwọn apẹja Marine Beach, Diepreye, bàbá Ìjọ́ kan tó ti ń darúgbó, sì jókòó sẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, ó ń tún àpò tó ti ya rán. Láti ìdájí ni àwọn òṣìṣẹ́ wáàfù ti máa ń tò sídìí Ìyá Mónícà láti mu kọfí gbígbóná nínú kọ́ọ̀bù tánganran kí wọ́n tó kọjá sí Àpápá. Ẹni tí kò bá mu tirẹ̀, wọ́n á máa fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé oorun ló gbé wá síbi iṣẹ́.

Ọdún tí ìjọba ní kí gbogbo ọkọ̀ kúrò lápá òsì títì bọ́ sápá ọ̀tún ni ọ̀rọ̀ yìí ṣẹlẹ̀. Ojú gbogbo ènìyàn ṣì ń rí bákan lójú títì nígbà náà, ṣùgbọ́n nílé Sàfíátù, ọ̀rọ̀ ọkọ̀ kọ́ ló ń gba oorun lójú wọn. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, wọ́n ṣílẹ̀kùn ilé ìkẹ́rù, wọn ò bá ọ̀pọ̀ àpò kọfí níbẹ̀ mọ́. Bàdírù Àkànó, bàbá rẹ̀, ló ṣe ọlọ́dẹ mọ́jú. Wọ́n ní bí kò bá jẹ́ pé ó sùn, a jẹ́ pé òun ló ṣílẹ̀kùn fún olè. Àwọn ọ̀gá ní kó wá sọ tẹnu rẹ̀ lọ́jọ́ Mọ́ńdè, kó tó di pé wọ́n lé e. Iṣẹ́ ọlọ́dẹ yìí ni wọ́n fi ń jẹun láti ìgbà tí wọ́n ti kó wá láti Ìṣẹ́yìn, òun náà ló sì gbé Sàfíátù dé ilé-ẹ̀kọ́ girama. Bí iṣẹ́ bá bọ́, ẹ̀kọ́ bọ́.

Ẹnìkan ló fi àánú hàn sí wọn. Ọ̀gbẹ́ni Benson, akọ̀wé ilé ìkẹ́rù náà, wá kí wọn nílé, ó ra búrẹ́dì dání. Nígbà tó ń lọ, tí Sàfíátù sìn ín dé ẹnu ọ̀nà, ó fohùn sílẹ̀, ó ní ọmọ tó gbọ́n bíi tirẹ̀ lè gba bàbá rẹ̀ là.

“Kọfí kì í fò bí ẹyẹ,” ló wí. “Ẹni tó bá jí i, ó gbọ́dọ̀ tà á síbì kan. Ìwọ tó ń rìn káàkiri òpópó yẹn nítorí iṣẹ́ ilé-ìwé, la ojú ẹ. Ohun tí o bá rí, èmi ni kí o wá bá. Má tíì sọ fún bàbá ẹ, kó má baà ká a lára.”

Láti ọjọ́ náà ni gbogbo ènìyàn ti di olè lójú Sàfíátù. Ó fura sí ẹni tó ń ṣe fìtílà nítorí pé ó ń yára ti ilẹ̀kùn rẹ̀, ó fura sí àwọn ahunwọ̀n nítorí pé ẹ̀rín wọn ti pọ̀ jù. Ìfura loògùn àgbà, òun náà sì ti fẹ́ di àgbà ọ̀sán gangan. Wàyí o, àpò oníràwọ̀ rèé lábẹ́ bẹ́ǹṣì ẹni tó ń ta kọfí. Kí ni ó tún kù?

Síbẹ̀ ó gbìyànjú láti bèèrè. Ó ní, “Ìyá, níbo lẹ ti ń rí kọfí yín rà?”

Ìyá Mónícà rẹ́rìn-ín. Oníṣòwò wo ló ń fi ìdí ọjà rẹ̀ han ẹni tó bá ṣáà ti bèèrè? Ó ní kọfí òun mọ ọ̀nà ilé òun, ó sì ń ro kọfí rẹ̀ lọ. Lójú Sàfíátù, ẹ̀rín yẹn ti dà bí ẹ̀rín ẹni tó mọ ohun tó jí. Bí wọ́n ṣe fẹ́ máa lọ, obìnrin náà pè é sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, ó wo iwájú, ó wo ẹ̀yìn.

“Ọmọ Bàdírù ni ẹ́, àbí? Sọ fún bàbá ẹ pé mo fẹ́ rí i. Ọ̀rọ̀ àárọ̀ ọjọ́ yẹn ni. Kó má rán ẹnikẹ́ni, kó wá fúnra rẹ̀. Kó sì wá kó tó di Mọ́ńdè.”

Sàfíátù ní òun ti gbọ́. Lójú ọ̀nà, ó sọ ohun tó rí fún Akpevwe, ó ní ó dájú pé obìnrin náà fẹ́ fi nǹkan di bàbá òun lẹ́nu. Akpevwe ní kó jẹ́ iṣẹ́ tí wọ́n rán an fún bàbá rẹ̀ ná. “Bàbá ẹ ló ni ọ̀ràn. Bi í.” Sàfíátù dá a lóhùn pé Akpevwe kò mọ̀ pé bàbá òun ò tíì fojú kan oorun láti ọjọ́ náà. Òótọ́ inú rẹ̀ ni pé ó fẹ́ kó jẹ́ òun ló gba bàbá òun sílẹ̀, kí gbogbo ilé mọ̀ ọ́n. Kò jíṣẹ́. Ilé Benson ló gbà lọ.

Benson gbọ́ ọ tán, ó fọwọ́ gbá a lẹ́yìn. Kò bèèrè bí àpò náà ṣe tóbi tó, kò bèèrè ohun tó wà nínú rẹ̀. Sàfíátù rò pé inú rẹ̀ ló dùn tó bẹ́ẹ̀.

Lọ́jọ́ Sọ́ńdè, bí Ìyá Mónícà ṣe ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, àwọn ọlọ́pàá dé. Wọ́n wọ́ àpò náà jáde, wọ́n tú u dà sílẹ̀, wọ́n dojú agbada délẹ̀, ìkòkò omi sì fọ́. Kọfí ṣàn wọ inú gọ́tà. Obìnrin náà ń wí pé oko ẹ̀gbọ́n òun ní Ìjùmú ni kọfí náà ti wá, ṣùgbọ́n wọ́n kàn ń nawọ́ sí ìràwọ̀ ni, wọ́n sì mú un lọ. Sàfíátù wà láàárín èrò tó ń wòran. Nígbà tí Ìyá Mónícà kọjá níwájú rẹ̀, kò bú u, ohun kan ṣoṣo ló bi í: “Ṣé o jíṣẹ́ fún bàbá ẹ?”

Sàfíátù yí ojú sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Oúnjẹ alẹ́ ọjọ́ náà korò lẹ́nu rẹ̀.

Lọ́jọ́ Mọ́ńdè, bàbá rẹ̀ wọ agbádá rẹ̀ tó mọ́ jù, ó lọ sí Àpápá. Nígbà tó padà délé, ó jókòó sórí àpótí láìbọ́ fìlà. Ó ti dé Àpápá kó tó gbọ́ pé wọ́n ti mú Ìyá Mónícà. Ìyá Sàfíátù bi í léèrè, ó bi í títí kó tó sọ̀rọ̀.

Ó ní ní ìdájí ọjọ́ tí kọfí sọnù, Benson ló dé lójijì, tó ní òtútù ń mú òun, kí Bàdírù jọ̀wọ́ bá òun ra kọfí lọ́dọ̀ Ìyá Mónícà. Ó lọ. Ìgbà tó fi lọ tó fi dé ni nǹkan bàjẹ́. Àwọn ọ̀gá bi Benson, Benson ní irọ́ ni, òun ò kúrò lórí ibùsùn òun láàárọ̀ náà.

“Mo ní mo ní ẹlẹ́rìí. Mo ní kí wọ́n ránṣẹ́ pe Ìyá Mónícà, òun ló wọn kọfí náà fún mi, mo sì sọ fún un pé Benson ló ni ín. Àfi bí Benson ṣe bú sẹ́rìn-ín. Ó ní ṣé olè tí ọlọ́pàá ká àpò wa mọ́ lọ́wọ́ lánàá ni mo fẹ́ fi ṣe ẹlẹ́rìí? Ó ní àwa méjèèjì la jọ ń jalè. Wọ́n ní kí n máa lọ.”

 Sàfíátù dìde kó lè sá jáde, ẹsẹ̀ rẹ̀ sì kọ́ àpò tí wọ́n tẹ́ sẹ́nu ọ̀nà láti fi nu ẹsẹ̀. Ó wolẹ̀. Lábẹ́ ẹrẹ̀ gbogbo tó wà lára àpò náà, ìràwọ̀ dúdú kan wà níbẹ̀, òwú pupa sì wà nígun rẹ̀. Ojoojúmọ́ ló ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀.

“Bàbá, níbo la ti rí àpò yìí?”

“Diepreye ló fún mi. Àpò tó bá ti ya ní wáàfù, wọ́n á kó o dànù, òun á ṣà á, á tún un rán, á tà á. Ilé wo ni kò sí ní òpópó yẹn?”

Sàfíátù wó lulẹ̀ síwájú bàbá rẹ̀, ó jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀, títí kan iṣẹ́ tí kò jẹ́. Ó retí ìgbájú, kò rí i. Bàbá rẹ̀ bọ́ fìlà rẹ̀ sílẹ̀.

“Sàfí, ẹsẹ̀ tó gbé ẹ dé ilé Benson, ṣé kò lè gbé ẹ dé ọ̀dọ̀ mi ni?”

Ọ̀rọ̀ yìí dùn ún ju pàṣán lọ. Bàbá rẹ̀ fà á dìde, wọ́n ya ilé Diepreye, wọ́n sì jọ lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Bàbá Ìjọ́ náà fi òwú pupa tó wà lápò aṣọ rẹ̀ wé ti ara àpò tí wọ́n gbà. “Ọ̀gá, na me sew am. Èmi ni mo tà á fún un.” Sàfíátù náà sọ tẹnu rẹ̀, omi ń dà lójú rẹ̀. Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́, wọ́n fi Ìyá Mónícà sílẹ̀.

Àṣé nítorí èyí ni obìnrin náà ṣe ń wá Bàdírù. Bí Bàdírù ṣe gba kọfí tó yí ẹ̀yìn padà, ni obìnrin náà rí ọkọ̀ akẹ́rù tí wọ́n fi tapólì bò tó ń kọjá, Benson jókòó síwájú. Ó fẹ́ kí Bàdírù mọ̀ kó tó dé iwájú àwọn ọ̀gá, kí àwọn méjèèjì sì jọ lọ. Ó bá a lọ náà lọ́jọ́ kejì, pẹ̀lú gbogbo ohun tí ojú rẹ̀ rí, ṣùgbọ́n àwọn ọ̀gá ò gbà á wọlé. Wọ́n ní àwọn ò ní gbọ́rọ̀ lẹ́nu ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti àhámọ́ dé. Ẹyin lohùn, bó bá ti balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Bàdírù ní kò yà òun lẹ́nu mọ́ pé Benson ló mọ ọ̀nà tó yẹ kí wọ́n gbà wá olè. Olè ló mọ ẹsẹ̀ olè í tọ̀ lórí àpáta.

Bàdírù pàdánù iṣẹ́ rẹ̀. Ẹ̀gbẹ́ Diepreye ló lọ jókòó sí, ó ń kọ́ àpò rírán, ọwọ́ tí kùmọ̀ ti mọ́ lára wá ń gún ara rẹ̀ lábẹ́rẹ́. Sàfíátù fi ilé-ìwé sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, òun náà ń rán àpò lẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá rẹ̀ títí wọ́n fi rí ọ̀nà dá a padà. Láràárọ̀ ló ń pọn omi fún Ìyá Mónícà kí àwọn òṣìṣẹ́ tó dé. Tẹ́lẹ̀, obìnrin náà a máa kí i ní ìkíni ìlú tirẹ̀, “Òkun o, ọmọ mi.” Nísinsìnyí, yóò gba omi, yóò ní ó ṣeun, yóò sì kọ ẹ̀yìn sí i, á máa yan kọfí rẹ̀ lọ. Sàfíátù kò bínú. Ó mọ̀ pé ìfura tí òun gbìn ni òun ń ká.

Nígbà tó padà sílé-ìwé, Ọ̀gbẹ́ni Akínsànyà ní kó wá rò fún kíláàsì iṣẹ́ ọwọ́ tó kọ́. Sàfíátù mú àpò ẹnu ọ̀nà wọn dání. Ó ṣàlàyé bí wọ́n ṣe ń rán an, ó sì ṣàlàyé ìdí tó fi mọ̀ ọ́n rán, kò fi nǹkan kan pamọ́. Ó ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni, ọmọdé tó bá sì ṣe bẹ́ẹ̀, ìkà náà lòun. Ó ní kí ẹni tó bá fura kọ́kọ́ bèèrè, kí ẹni tí wọ́n bá rán níṣẹ́ jẹ́ ẹ, kí ó sì ṣọ́ra fún ẹni tó bá ní kó má sọ fún àwọn òbí rẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, ó gbé omi lọ bó ti máa ń ṣe. Akpevwe ti lọ sọ gbogbo ohun tó wí ní kíláàsì fún obìnrin náà. Ìyá Mónícà gba omi náà, ó bu kọfí sí kọ́ọ̀bù kan, ó gbé e fún un.

“Òkun o,” ló wí. “Jókòó kí o mu ún.”