Ẹ̀gẹ́ Ọjọ́ Méjì

"Lucy, kí ni àbúrò rẹ jẹ?"

Ẹ̀ẹ̀mejì ni Màámi bi mí, mi ò dáhùn. Benedict, ọmọ ọdún mẹ́fà, nà gbalaja sórí ẹní nínú ahéré wa. Ó ti bì lẹ́ẹ̀mẹta, ó sì ń mí hẹlẹhẹlẹ.

Ọdún 1967 ni. Àwa mẹ́rin péré là ń gbé inú igbó lápá àríwá Òkìtìpupa, ìrìn wákàtí méjì sí ìlú Igbodigo. Iyọ̀, ìṣáná àti kẹrosíìnì nìkan là ń rà. Ohun gbogbo tó kù, ọwọ́ wa la fi ń ṣe é.

Èmi ni mo ni iṣẹ́ púpurú, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ tí a ń fi èéfín gbẹ. Ọjọ́ mẹ́rin ló yẹ kí ẹ̀gẹ́ lò nínú odò kí oró rẹ̀ tó jáde. Ṣùgbọ́n ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì ń bọ̀ ní Igbodigo lọ́jọ́ Àìkú, Màámi sì ti sọ pé mi ò ní lọ àfi tí púpurú bá ti gbẹ. Lọ́jọ́ kejì ni mo kó ẹ̀gẹ́ jáde. Mo gún un, mo ṣù ú, mo gbé e sórí iná, mo sì ń tan ara mi pé èéfín yóò pa oró tó kù. Láàárọ̀ Sátidé, mo rò ó fún Benedict. Èmi jẹ ọ̀gẹ̀dẹ̀ sísun ní tèmi.

"Ibà ni," Màámi sọ, ó lọ já ewé ìbẹ́pẹ tó máa fi se àgbo. Inú mi dùn pé ó pè é ní ibà. Mo burú tó bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ náà.

Bàbá dé láti oko ẹyìn, ebi ń pa á. Ó ṣí àwo púpurú tó ṣẹ́ kù, ó bu òkèlè.

"Bàbá, ẹ má jẹ ẹ́."

"Kí ló dé?"

"Ẹ̀gẹ́ yẹn ò pé ọjọ́. Òun ni Benedict jẹ."

Bàbá ò nà mí. Ó gbé ọmọ kọ́ èjìká, gbogbo wa sì sáré gba ọ̀nà Igbodigo. Nígbà tí a dé ìdajì ọ̀nà, mo pe Benedict, kò dáhùn mọ́. Mo ń sunkún, mo ń sáré.

Nọ́ọ̀sì dípẹ́ńsárì Igbodigo tọ́jú rẹ̀ títí ó fi lajú. Ó ní, "Ọpẹ́lọpẹ́ pé ẹ mọ ohun tó jẹ. Ká ní ẹ dúró fún àgbo ni, ọmọ ti lọ."

Màámi yíjú sí mi. "Kí ló dé tó o dákẹ́ nígbà tí mo bi ọ́?"

"Ẹ̀rù yín ló bà mí, Màámi."

"Ikú àbúrò rẹ ò wá bà ọ́ lẹ́rù?"

Títí dòní, ìbéèrè yẹn kò kúrò létí mi. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ìkánjú ló fi oró sínú oúnjẹ wa, ṣùgbọ́n ìdákẹ́ mi ló fẹ́rẹ̀ẹ́ pa Benedict. Tí ẹ bá ṣàṣìṣe, ẹ tètè sọ.