Ìrìn Ọ̀sán ní Yàrá Ẹ́síréè

Obìnrin kan mú bàtà rẹ̀ kan lọ́wọ́, ó ń fi ẹ̀gbẹ́ ẹsẹ̀ ọ̀tún tẹ àtẹ̀gùn bọ̀ wá sísàlẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ìró ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ń dún gbì, wọ́ọ́, gbì, wọ́ọ́. Oníẹ́síréè, ọkùnrin tó ń ya àwòrán egungun ní ọsibítù náà, gbọ́ ọ níbi tó jókòó sí nídìí ẹ̀rọ, ṣùgbọ́n kò gbé orí sókè. Ọdún kẹfà rèé tó ti ń gbọ́ irú ìró bẹ́ẹ̀ lójoojúmọ́, ní aago méjìlá ọ̀sán, tí kì í sì í rí ẹnikẹ́ni.

"Ẹ káàsán o," ohùn kan wí. "Ṣé èèyàn ló jókòó síbí ni, àbí ère?"

Ọkùnrin náà ta gìrì, díẹ̀ ló kù kó ṣubú lórí àga. Èèyàn ni lóòótọ́. Ó ga, ọrùn rẹ̀ gùn, ó ká irun rẹ̀ jọ sí àtàrí, ó sì ń rẹ́rìn-ín pẹ̀lú gbogbo ìrora tó wà lójú rẹ̀. Ká má parọ́, ọkùnrin yìí kò rí ohun tó dùn ún wò tó bẹ́ẹ̀ rí nínú yàrá abẹ́ ilẹ̀ yẹn, níbi tí kò sí fèrèsé, tí iná òkè àjà sì máa ń ṣẹ́jú ní gbogbo ìgbà.

"Ẹ má bínú," ó ní. "Mo rò pé ẹlòmíì ni."

"Ta wá ni ẹlòmíì ọ̀hún?"

Ọkùnrin náà na ọwọ́. Ó gba ìwé dókítà lọ́wọ́ rẹ̀, ó kà á. Olùkọ́ ijó ni, ó ń kọ́ àwọn ọmọdé ní gbọ̀ngàn kan tí kò jìnnà sí ọsibítù, Oníjó sì ni tọmọdé tàgbà ń pè é. Abẹ́ àtàǹpàkò ẹsẹ̀ ọ̀tún ti ń dùn ún láti oṣù méjì, bí ìgbà téèyàn tẹ òkúta.

Ó gbé ẹsẹ̀ náà lé orí tábìlì tútù. Oníẹ́síréè kò tíì la ẹnu tí obìnrin náà fi sọ̀rọ̀.

"Má mira, má mí, ó ti tán. Ohun tí ẹ fẹ́ wí nìyẹn, àbí?"

Ara ọkùnrin náà bù máṣọ. Bí bàbá rẹ̀ ṣe máa ń sọ ọ́ gẹ́lẹ́ nìyẹn nígbà tó ń ṣiṣẹ́ nínú yàrá yìí kó tó kú. Mímí kò kan àwòrán ẹsẹ̀ yíyà, ṣùgbọ́n bàbá náà kì í yé sọ ọ́.

"Ṣé ẹ ti wá síbí rí ni?"

"Rárá o. Mo máa ń lá a ni, láti kékeré. Tábìlì tútù, iná tó ń ṣẹ́jú, ọkùnrin kan á wá ní kí n má mira." Ó rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ó di etí tábìlì mú gírígírí. "Ẹ yé wò mí bẹ́ẹ̀ yẹn jàre. Èmi kì í ṣe iwin."

Nígbà tí àwòrán jáde, ọkùnrin náà fi egungun rẹ̀ hàn án, funfun nínú dúdú.

"Ṣé ẹ mọ egungun tó wà lórí eékún yín? Òun ni ẹ̀gbọ́n pátápátá. Kò lẹ̀ mọ́ egungun kankan, inú iṣan ló ń gbé. Àwọn méjì abẹ́ àtàǹpàkò yìí ni àbúrò rẹ̀, wọn ò ju ẹ̀wà lọ. Àwọn ló ń gbé yín ró tí ẹ bá fi ọmọ ìka ẹsẹ̀ dúró."

"Ọ̀kan ti là sí méjì níbí."

"Dókítà ló máa sọ ìyẹn," ó dáhùn, ó sì yára gbé ojú kúrò.

Dókítà wò ó fìrí, ó ní egungun ti kán, ó ní òun máa yọ ọ́ ní ọjọ́ mẹ́rìnlá òní. Oníjó padà sọ̀kalẹ̀ wá sọ fún Oníẹ́síréè, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. Ẹ ò ní mọ ìdí tó fi jẹ́ ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló wá. Òun náà kò mọ̀ ọ́n.

Ọkùnrin náà mú fóòmù pẹlẹbẹ kan, ó gé e, ó dá ihò sí ibi tí ìrora wà, ó sì tẹ́ ẹ sínú bàtà rẹ̀. Oníjó wọ̀ ọ́, ó rìn yíká tábìlì, ojú rẹ̀ sì là.

"Ọlọ́wọ́ ẹ̀rọ̀," ó ní. "Ìyàwó yín á gbádùn o."

"Mi ò tíì níyàwó."

"Mo mọ̀. Bọ́tìnì yín méjì ti já."

Láti ọjọ́ yẹn, kò sí ọ̀sán tí Oníjó kì í sọ̀kalẹ̀ wá jẹun pẹ̀lú rẹ̀. "Ẹ" di "o" láàárín wọn, "olólùfẹ́" sì ti fẹ́ máa yọ́ wọlé. Ṣùgbọ́n ọkàn ọkùnrin náà kò balẹ̀. Etí ibi tó là lára egungun yẹn dán, ó yí róbótó. Egungun tó bá kán máa ń rí págunpàgun ni.

Ní ọjọ́ kẹjọ, Oníjó tètè sọ̀kalẹ̀ wá, aago sì lu méjìlá lójú rẹ̀. Gbì, wọ́ọ́. Gbì, wọ́ọ́. Ìró náà ti orí àtẹ̀gùn bọ̀ wá, ó gba ọ̀dẹ̀dẹ̀ kọjá, ó dúró sẹ́nu ọ̀nà tó ṣí sílẹ̀ gbayawu. Kò sí ẹnì kankan níbẹ̀. Atẹ́gùn tútù kan fẹ́ yẹ́ẹ́ lu ojú wọn.

Oníjó di ọwọ́ rẹ̀ mú. "Ṣé ìwọ náà gbọ́?"

"Ojoojúmọ́ ni. Bàbá mi ti ń gbọ́ ọ ṣáájú mi. Ó ní tí mo bá gbọ́, kí n má dáhùn."

Obìnrin náà na etí sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. "Ìrìn màmá mi nìyẹn."

"Màmá rẹ ti kú ni?"

"Ó wà nílé! Ó ń sun oorun ọ̀sán lórí àga rẹ̀!"

Wọ́n sáré dé ibẹ̀. Ìyá náà wà lórí àga lóòótọ́, ó ń sùn, ẹsẹ̀ rẹ̀ tó na síwájú sì ń yọ́ mira, ọ̀kan lẹ́yìn èkejì. Oníjó fọwọ́ kan àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀. Ó tutù bíi tábìlì ẹ́síréè. Àtàǹpàkò ọ̀tún ti wọ́, ó gun orí ìka kejì.

"Mo tún ń sọ̀kalẹ̀ lórí àtẹ̀gùn yẹn lójú oorun," ìyá náà wí bó ṣe ń jí. Ó rí àlejò. "Ta nìyí?"

Nígbà tó gbọ́ ibi tí ọkùnrin náà ti ń ṣiṣẹ́, ọmọ ẹni tó jẹ́, àti pé ó ń fẹ́ Oníjó, ojú rẹ̀ korò.

"Yàrá yẹn ni wọ́n ti sọ fún mi pé ijó àjójù ni mo fi ṣẹ́ egungun mi. Pé ọwọ́ ara mi ni mo fi ṣe é. Wọ́n yọ ọ́, mi ò sì gbé ẹsẹ̀ jó mọ́ láti ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n. Oyún ọmọ yìí wà nínú mi lọ́jọ́ náà, mi ò tíì mọ̀." Ó tọ́ka sí ẹnu ọ̀nà. "Ọmọ mi ò ní fẹ́ ẹni tó ti ibẹ̀ wá. Dìde, kí o máa lọ."

Oníẹ́síréè dọ̀bálẹ̀, ó sì jáde. Inú rẹ̀ bàjẹ́ gidigidi, nítorí ó ti mọ̀ báyìí pé òun kò lè fẹ́ ẹlòmíràn.

Ó wọ yàrá tí wọ́n ń kó fíìmù ẹ́síréè àtijọ́ sí, ó ń wá ti ìyá náà. Odindi ọjọ́ méjì ló fi tú u. Àpò tó ń wá wà lẹ́yìn àpótí bàbá rẹ̀, wọ́n fi okùn dì í. Àwòrán ẹsẹ̀ ìyá náà ló wà nínú rẹ̀: egungun kékeré tó là sí méjì, etí rẹ̀ yí róbótó bíi ti ọmọ rẹ̀. Bàbá rẹ̀ ti kọ ọ́ sára àpò pé, "Ó kán." Nísàlẹ̀, ó tún fi yíǹkì mìíràn kọ ọ́ pé, "Mo ṣì í wò. Bí wọ́n ṣe bí i nìyí. Wọ́n ti yọ ọ́ kí n tó mọ̀. Mi ò lè sọ ọ́."

Iná ṣẹ́jú, ó ṣẹ́jú, ó kú, ó tún tàn.

Ó lè gba ẹsẹ̀ Oníjó là láìfi àpò yẹn han ẹnikẹ́ni. Ẹsẹ̀ òsì nìkan ló yẹ kó yà láti fi wé ọ̀tún; tí méjèèjì bá jọra, bí wọ́n ṣe bí i nìyẹn, kò kán. Tó bá dáná sun àpò náà, orúkọ bàbá rẹ̀ kò ní bàjẹ́, ìyá náà sì lè rọ̀ lọ́jọ́ kan. Tó bá sì fi hàn, ta ni yóò fi ọmọ fún ọmọ irú ẹni bẹ́ẹ̀?

Ó bẹ dókítà fún àyè láti ya òsì. Egungun là sí méjì níbẹ̀ náà, ó dán, ẹsẹ̀ òsì yẹn kò sì dun Oníjó rí. Dókítà wò ó pẹ́, ó húkọ́, ó fagi lé iṣẹ́ abẹ náà. Ó ní iṣan tó yí egungun ká ló wú. Kó sinmi, kó máa wọ fóòmù rẹ̀, yóò lọ.

Oníjó fò mọ́ ọn lọ́rùn. "Báwo lo ṣe mọ̀, olówó orí mi?"

Ó lè rẹ́rìn-ín, kó ní ojú òun mú. Àmọ́ ó gbé àpò náà fún un.

Oníjó kà á tán. Ó yọ apá rẹ̀ kúrò lọ́rùn ọkùnrin náà, ó mú àpò náà dání, ó sì gun àtẹ̀gùn lọ.

Ọjọ́ mẹ́rin kọjá tí kò yọjú. Ní ọjọ́ karùn-ún, aago lu méjìlá. Gbì, wọ́ọ́. Gbì, wọ́ọ́. Oníẹ́síréè ti dijú kó máa gbọ́ ọ kọjá, àmọ́ òórùn ìpara wọlé tẹ̀ lé e. Ìyá náà dúró sẹ́nu ọ̀nà, tẹran-tẹ̀jẹ̀, Oníjó wà lẹ́yìn rẹ̀.

"Bàbá rẹ mọ̀?"

"Ó mọ̀, mà."

"Ó mọ̀, ó sì dákẹ́ títí ó fi kú?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Ẹ forí jì wá." Ó ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

Ìyá náà wo yàrá náà yíká. Ó jókòó sórí tábìlì, ó bọ́ bàtà òsì. "Wọn ò ya èyí rí. Yà á kí n rí i."

Ó yà á, kò sọ fún un pé kó má mira. Nígbà tí àwòrán jáde, ìyá náà sún mọ́ ọn tímọ́tímọ́. Egungun kékeré méjì náà wà níbẹ̀, ọ̀kan là láàárín, ó dán, ó pé, kò sí ẹni tó fọwọ́ kàn án rí.

"Mi ò ṣẹ́ ẹ," ó wí jẹ́jẹ́. "Mi ò ṣẹ́ nǹkan kan." Ó wá bú sẹ́kún bí ọmọdé, ọmọ rẹ̀ sì gbá a mọ́ra.

Nígbà tó nu ojú tán, ó pe ọkùnrin náà kó sún mọ́ òun.

"Ṣé ó wù ọ́ láti fi àpò yẹn pamọ́?"

"Ó wù mí, mà. Ẹ̀rù bà mí pé mo máa pàdánù rẹ̀."

"O wá sọ ọ́." Ìyá náà gbá ọwọ́ ọmọ rẹ̀ mú, ó fi lé e lọ́wọ́. "Mi ò fẹ́ ohun tó pọ̀. Ohunkóhun tí o bá rí tó kan ọmọ mi, bó ṣe wù kó burú tó, ọjọ́ tí o bá rí i ni kí o sọ fún un."

Oníjó kò jẹ́ kó dáhùn. "Èmi ló yẹ kó búra fún, màmá, èmi ló ń fẹ́." Ó wo ojú rẹ̀. "Ó yá. Búra."

"Ọjọ́ tí mo bá rí i," Oníẹ́síréè ní.

"Èmi náà," Oníjó ní. "Ọjọ́ tí mo bá rí i."